Ọjọ́ Tí Mo So Ahọ́n Agogo

Bí ẹ bá fẹ́ mọ bí ogun Ẹnu-Omi ṣe fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ mọ́ wa lọ́wọ́, ẹ má ṣe bi Godwin. Godwin ni balógun wa, ó sì mọ ìtàn sọ dáadáa, àmọ́ tó bá ti dé ibi ọ̀rọ̀ agogo, ikọ́ ni yóò bẹ̀rẹ̀ sí í wú. Èmi Rhoda, ọmọ Jòhánù Alágogo, ni kí ẹ bi. Èmi ni mo ń sáré kiri ní gbogbo àsìkò yẹn, láti Ayéṣọ̀kan ìlú wa dé Mahintedo, láti Mahintedo dé Araromi, tí mò ń bẹ àwọn èèyàn pé kí wọ́n gbé ọkọ̀ wọn wá ràn wá lọ́wọ́. Láti kékeré ni wọ́n ti mọ̀ mí sí ẹni tí kì í jókòó. Ìyá mi máa ń ní bí òun bá lè rí okùn tó lágbára tó, òun ì bá so mí mọ́ òpó ilé títí n ó fi jẹun tán. Ogun náà dé, àìjókòó mi wá di ohun tí gbogbo ìlú ń yìn.

Ogun ni à ń pè é, kí ẹnikẹ́ni má fi wá rẹ́rìn-ín. Òkun ti gbé àdúgbò àwọn tó ń kan ọkọ̀, ó ti gbé ilé ìwé àtijọ́, ó ti gbé itẹ́ òkú tí a sin ìyá mi sí. Bí omi bá fà sẹ́yìn, a máa ń rí orí àwọn òpó ilé tó yọ síta, a ó sì máa dárúkọ ẹni tó ni ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn. Ibi tí a ti ń bá òkun fà á ni kọ́ńpìnnì kan ti yọ sí wa. Wọ́n ní àwọn fẹ́ kọ́ èbúté, àwọn yóò sì fa yanrìn ẹnu omi wa, ibi tí odò wa ti bọ́ sínú òkun, fi ṣe é. Ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rìn ní Ayéṣọ̀kan mọ̀ pé yanrìn yẹn nìkan ni ògiri tó kù láàárín àwa àti òkun. Bí wọ́n bá fà á, kò ní pẹ́ tí omi yóò fi gorí pẹpẹ ṣọ́ọ̀ṣì. Kọ́ńpìnnì náà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ní àwọn ti kọ́ ilé búlọ́ọ̀kù sílẹ̀ dè wá lókè lọ́hùn-ún, lẹ́yìn Igbókòdá, nínú igbó tó jẹ́ pé omi kànga nìkan ni omi ibẹ̀. Kí apẹja lọ máa gbé inú igbó! Kí ni kí a máa fi àwọ̀n mú níbẹ̀, aláǹgbá?

Ẹni tí kò bá mọ Ayéṣọ̀kan kò ní mọ ìdí tí ọ̀rọ̀ yìí fi rí bó ṣe rí. Àwọn baba wa ló tẹ ìlú náà dó ní 1947. Ìjọ kan ni, àpò kan, ìkòkò ọbẹ̀ kan. Lónìí, olúkúlùkù ti ní ìkòkò tirẹ̀, àmọ́ agogo àdúrà ṣì jẹ́ ti gbogbo wa. Ó ń dún láàárọ̀, ó ń dún lọ́sàn-án, ó ń dún nírọ̀lẹ́. Bó bá ti dún, obìnrin tó ń yan ẹja á fi ẹja sílẹ̀ lórí iná, ọkùnrin tó ń kan ọkọ̀ á sọ òòlù sílẹ̀, ẹni tí ẹ jọ ń jà á ní kí ẹ dúró ná. A kì í rò ó rárá. Ẹsẹ̀ wa ló ń gbọ́ agogo yẹn kí etí wa tó gbọ́.

Abẹ́ àtíbàbà tí a ti ń tún àwọ̀n ṣe la ti gbìmọ̀ ogun. Godwin gun orí ọkọ̀ kan tí wọ́n dojú rẹ̀ délẹ̀. Ọkùnrin gíga ni, ó ti bá àwọn elépo ṣiṣẹ́ rí lójú òkun, wọ́n sì lé e nítorí pé ó kó àwọn òṣìṣẹ́ jọ pé kí wọ́n béèrè ẹ̀tọ́ wọn. Láti ìgbà náà ló ti ń wá ẹni tí yóò bá jà. Kí ó tó la ẹnu, àwọn obìnrin ti bẹ̀rẹ̀ sí í kì í:

"Godwin, ọmọ atukọ̀-má-wẹ̀yìn!
Ọmọ ẹni tí ìjì rí tó yà fún!
Ọkọ wa tó fi àjẹ̀ kan la odò já!"

"Ó tó, ó tó," ni Godwin wí, àmọ́ ojú rẹ̀ fi hàn pé kò tíì tó.

Ó wá ṣàlàyé. "Ẹnu omi ni wọ́n máa gbà wọlé, kò sí ọ̀nà míì. Níbi tó há jù, ká so ọkọ̀ wa mọ́ra wọn, ẹ̀gbẹ́ sí ẹ̀gbẹ́, láti etí kan dé èkejì. Kí èèyàn wà nínú ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan. A ò ní gbé àdá, a ò ní ju òkò. Bí wọ́n bá fẹ́ wọlé, kí wọ́n gun orí wa kọjá, kí gbogbo ayé sì máa wò wọ́n lórí fóònù."

"Kí la ó wá máa ṣe nínú ọkọ̀?" ni mo bi í.

"A ó jókòó."

"Lẹ́yìn ìyẹn ńkọ́?"

"Rhoda, jíjókòó ni mo wí. Bó o bá mọ̀ pé o ò lè ṣe é, tètè sọ ká wá ẹlòmíì."

Wọ́n fi mí rẹ́rìn-ín títí omijé fi bọ́ lójú wọn. Godspower tó wá láti Arogbo pẹ̀lú ọkọ̀ rẹ̀ ló rẹ́rìn-ín jù. Kì í ṣe ọmọ ìjọ wa, kò tilẹ̀ gbọ́ gbogbo ohun tí à ń wí tán, àmọ́ ó ní omi kan náà ni yóò gbé gbogbo wa lọ, nítorí náà òun ti dé.

Kí a tó tú ká, a lọ sí ẹnu omi, a búra bí àwọn baba wa ṣe máa ń búra bí wọ́n bá fẹ́ jọ lọ sójú òkun. Olúkúlùkù bu omi lọ́wọ́, ó fi kan ahọ́n, ó wí pé, "N kò ní tú okùn mi títí a ó fi jọ tú u." Wọ́n ní ẹni tó bá da ìbúra yẹn, iyọ̀ omi náà kì í kúrò lẹ́nu rẹ̀ mọ́. Èmi náà búra. Ohùn mi ló tilẹ̀ ròkè jù.

Gbogbo nǹkan la rántí. A rántí púpurù àti ẹja ṣáwá tí a ó jẹ, a rántí agbòjò nítorí oòrùn, a rántí aṣọ tí àwọn obìnrin yóò fi bora bí ìtọ̀ bá ń gbọ̀n wọ́n. A rántí ẹni tí yóò máa ya fídíò àti ẹni tí yóò máa gbẹ́ omi kúrò nínú ọkọ̀ tó bá ń jò. Mo ṣì ń rò ó títí di òní bí gbogbo àgbàlagbà wọ̀nyẹn ṣe jókòó tí ẹnikẹ́ni kò sì rántí agogo.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ tí ogun bẹ̀rẹ̀, a ti di ẹnu omi pa kí oòrùn tó mú. Ọkọ̀ wa gùn láti etí kan dé èkejì, inú mi sì dùn débi pé mo fẹ́ dìde jó kí Godwin tó fi ojú bá mi wí. Nígbà tó yá, ọkọ̀ ńlá tó ń fa yanrìn yọ láti ojú òkun, àwọn ẹ̀ṣọ́ tí kọ́ńpìnnì gbà sì wà nínú àwọn ọkọ̀ kéékèèké níwájú rẹ̀. Wọ́n fun fèrè. A jókòó. Wọ́n fi ọkọ̀ wọn da ìgbì lù wá, wọ́n sì fi rọ́bà ńlá tú omi sí wa lára títí aṣọ gbogbo wa fi rin gbingbin. A jókòó, a sì ń kọrin. Ìyá arúgbó kan láti Oríòkè-Ìwàmímọ́ ní omi náà dára, ó ní òun kò tíì wẹ̀ láti àárọ̀. Àwọn ẹ̀ṣọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í wo ojú ara wọn. Mo rí i pẹ̀lú ojú mi pé ọkọ̀ ńlá náà ń fà sẹ́yìn.

Ìgbà náà ni agogo ọ̀sán dún.

Ẹnikẹ́ni kò sọ pé kí a dìde. Ẹnikẹ́ni kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ rárá. Ohun tí mo kọ́kọ́ rí ni ọwọ́ tó ń tú okùn, mo sì fẹ́ kígbe mọ́ ẹni tó ni ín kí n tó mọ̀ pé ọwọ́ mi ni. Gbogbo wa gbé àjẹ̀, a dorí kọ ṣọ́ọ̀ṣì. Àwọn ará Mahintedo àti Araromi tí kì í ṣe ìjọ wa rí wa tí à ń lọ, wọ́n rò pé Godwin ló pàṣẹ, àwọn náà tú tiwọn. Orí ìlà kejì orin àkọ́kọ́ la wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì nígbà tí Godwin dédé dákẹ́. Ó wo ẹni tó wà ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ẹni yẹn náà dákẹ́. Orin náà bẹ̀rẹ̀ sí í kú láti àga kan dé òmíràn, a sì wá ń gbọ́ ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ ńlá náà kedere nínú ẹnu omi wa.

Godspower nìkan ni kò tú okùn rẹ̀. Ọkọ̀ rẹ̀ nìkan ló dúró, ìgbì sì dojú rẹ̀ délẹ̀, apá rẹ̀ kan dá. Nígbà tí a gbé e wọlé, ó wò wá lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ní, "Ṣé ẹ ti gbàdúrà tán?" Kò fi ṣe ẹ̀sín. Ó kàn fẹ́ mọ̀ ni. Ojú tì mí débi pé n kò mọ ibi tí mo lè wò.

Ó tún sọ ohun kan fún wa. Ó ní nígbà tí òun wà nínú omi, òun gbọ́ tí àwọn ẹ̀ṣọ́ náà ń rẹ́rìn-ín. Ọkọ̀ tó ń fa yanrìn kò lè ṣiṣẹ́ láìsí páìpù tí yóò máa gbé yanrìn náà lọ, ọkọ̀ pẹlẹbẹ tó kó páìpù sì ń bọ̀ lọ́la. Wọ́n ní àwọn kò tún ní bá wa fa wàhálà mọ́. Ọ̀sán ni àwọn yóò wá, nígbà tí agogo bá pè wá lọ.

A tún padà sábẹ́ àtíbàbà. Lọ́tẹ̀ yìí, kò sẹ́ni tó kì Godwin.

"Bí ọkọ̀ páìpù bá fi lè wọlé lọ́la, ó parí nìyẹn," ni ó wí. "Kí agogo sinmi lọ́la. Ọjọ́ kan péré."

Bàbá Akinolúwa, alábòójútó ìjọ, ló dá a lóhùn. Èèyàn jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́ ni, kò sì sí ẹni tí òkun ti gba ilé lọ́wọ́ rẹ̀ tí kò gbà sílé tirẹ̀. "Godwin, agogo yìí kò tíì sinmi rí láti ìgbà tí àwọn baba wa ti gbé e kọ́. Lọ́jọ́ tí ìjì gbé òrùlé ṣọ́ọ̀ṣì lọ, ó dún. Lọ́jọ́ tí a sin bàbá tó tẹ ìlú dó, ó dún. Ẹ̀yin náà mọ òfin: ẹni tó bá pa agogo lẹ́nu mọ́ kò ní ilé ní Ayéṣọ̀kan mọ́, a ó yọ orúkọ rẹ̀." Ó yíjú sí gbogbo wa. "Ẹ má bínú sí mi. Mo máa ń rò ó nígbà míì pé bóyá Ọlọ́run ló ń sọ fún wa pé ká máa lọ. Ilé búlọ́ọ̀kù yẹn, òkun ò lè débẹ̀. Ó ti rẹ̀ mí láti máa ka òpó ilé lójú omi."

Inú bí mi, àmọ́ n kò lè bá a jà. Òtítọ́ ni pé ó ti rẹ̀ ẹ́.

"Kò burú," ni Godwin wí. "Kí agogo dún. Àwa la máa jókòó. Ṣé a kì í ṣe àgbàlagbà ni? Ẹ jẹ́ ká pinnu níbí yìí pé bó ti wù kí agogo dún tó lọ́la, ẹnì kankan..."

Agogo ìrọ̀lẹ́ dún. Gbogbo wa dìde. Godwin fúnra rẹ̀ ti bọ́ sílẹ̀ láti orí ọkọ̀, ó ti gbé ẹsẹ̀ kan sórí afárá pákó kó tó mọ ohun tó ń ṣe. Ó dúró síbẹ̀ bí ẹni tí wọ́n gbá létí. Kò sí ẹni tó rẹ́rìn-ín.

Lẹ́yìn àdúrà, nígbà tí ojú sánmà ṣì pọ́n, mo pe Dayọ̀ lórí fóònù. Àbúrò mi ni. Skọ́tíláǹdì ló wà, ní ìlú kékeré kan létí òkun lápá àríwá níbẹ̀, ó ń la ikùn ẹja ní ilé iṣẹ́ kan. Ó fi ẹja sílẹ̀ nílé, ó lọ bá ẹja lókè òkun. Mo ti fi ṣe yẹ̀yẹ́ títí ó ti sú mi. Mo ròyìn ohun tó ṣẹlẹ̀ fún un.

"Àǹtí Rhoda, ẹ kó Bàbá wá síbí," ni ó wí. Ohun tó máa ń wí nìyẹn. "Mo ti bá ọ̀gá mi sọ̀rọ̀ nípa yín. Ẹ fi ìlú yẹn sílẹ̀."

"Dákẹ́ jàre."

Ó wá ní, "Ẹ rántí fídíò ibì kan tí mo fi ránṣẹ́, tó jẹ́ ògiri òkúta nìkan ló kù?"

"Mo rántí. Ṣebí ọgbà àgùntàn ni."

"Ìlú ni tẹ́lẹ̀. Bàbá kan níbi iṣẹ́ wa ló mú mi lọ síbẹ̀, àwọn baba ńlá rẹ̀ ló ni ín. Apẹja ni wọ́n, wọ́n sì ń dáko díẹ̀díẹ̀. Ẹni tó ni ilẹ̀ wá ní òun fẹ́ fi ibẹ̀ sin àgùntàn. Wọ́n lu agogo lọ́jọ́ Ìsinmi, gbogbo wọn wọ ṣọ́ọ̀ṣì, àlùfáà wọn sì dìde, ó kà á sí wọn létí pé kí wọ́n máa lọ. Ó ní ìfẹ́ Ọlọ́run ni. Wọ́n kó wọn sínú ọkọ̀ lọ sí Kánádà."

"Òyìnbó ló lé Òyìnbó?"

"Olówó ló lé mẹ̀kúnnù, Àǹtí."

"Wọn ò jà?"

"Àwọn yẹn ò jà. Nígbà tó pẹ́, ní erékùṣù kan, irú wọn jà. Àwọn obìnrin gan-an ló gun orí òkè, wọ́n ń sọ òkò lu ọlọ́pàá tí wọ́n rán wá. Irú ìjà bẹ́ẹ̀ ló mú kí ìjọba ṣòfin pé kí ẹnikẹ́ni má kàn lè lé wọn kúrò lórí ilẹ̀ wọn mọ́."

"Àwọn tí wọ́n kó lọ sí Kánádà yẹn ńkọ́? Wọ́n padà?"

Mò ń gbọ́ ariwo bọ́ọ̀sì tó wọ̀.

"Rárá. Àwọn ọmọ ọmọ wọn máa ń wá ya fọ́tò."

Dayọ̀ náà mọ ohun tó wí, nítorí ohùn rẹ̀ yí padà, ó ní, "Èmi náà ti lọ, Àǹtí. Mo mọ̀." Mo sunkún lẹ́yìn tí mo gbé fóònù sílẹ̀. Mo sunkún nítorí Dayọ̀, mo sì rí ara mi lókàn mi, mo ti darúgbó, mo wọ bàtà òtútù, mò ń na ìka sí òpó ilé lójú omi fún ọmọ tí kò gbọ́ èdè mi.

Mo bá bàbá mi nílé, ó ń jẹun. Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ẹni tó jẹ́. Láti ìgbà ọ̀dọ́ rẹ̀ ló ti ń fa okùn agogo, bàbá rẹ̀ ló sì gbé e lé e lọ́wọ́. Àwọn obìnrin ìjọ a máa kì í pé Jòhánù a-jí-kí-oòrùn-tó-jí, ọ̀rẹ́ wákàtí, ẹni tí gbogbo ìlú ń fi ẹsẹ̀ dá lóhùn. Kò bá ẹnikẹ́ni jà rí. Ó sún àwo púpurù sọ́dọ̀ mi.

"Ọma mi, jókòó." Ọma là ń pe ọmọ ní ẹ̀ka èdè wa, bí a ṣe ń pe ìlú ní ulú.

N kò jókòó. Mo dúró bẹ̀ ẹ́. Mo sọ ọ̀rọ̀ Godspower fún un, mo sọ ọ̀rọ̀ ọkọ̀ páìpù, mo sọ ti àwọn ará Skọ́tíláǹdì tí agogo pè jọ tí wọ́n sì lé lọ. Ó fetí sílẹ̀ títí mo fi parí.

"Nígbà tí bàbá mi ń kú lọ," ni ó wí, "ó fi ọwọ́ mi sórí okùn yẹn, ó ní kí n búra. Mo búra pé bí ọ̀sán bá ti pé, ibi yòówù kí n wà, ohun yòówù kó ṣẹlẹ̀, n ó fà á. Lọ́jọ́ tí ìyá rẹ kú, Rhoda, mo fà á. Ìwọ alára wà níbẹ̀. Kí lo fẹ́ kí n wá ṣe sí ìbúra yẹn?"

"Bàbá, bí ulú ò bá sí mọ́, ta lẹ máa máa pè?"

Ó fọ ọwọ́ rẹ̀, ó sì lọ dùbúlẹ̀.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, bí agogo àárọ̀ ti dún tí àdúrà sì parí, gbogbo ìlú dorí kọ ẹnu omi. Èmi mú okùn àwọ̀n tó nípọn, mo dé ẹsẹ̀ ilé agogo. Mo mú irin dání tí n ó fi já àgádágodo, nítorí bàbá mi kì í fi ilẹ̀kùn yẹn sílẹ̀ láìtì. Ilẹ̀kùn náà ṣí sílẹ̀ gbayawu. Mo rò pé ogbó ti ń mú un gbàgbé nǹkan. Mo gun àkàbà inú rẹ̀.

Láti òkè yẹn, gbogbo ohun tó kù fún wa ni mo rí. Afárá pákó tó já lójú òkun bí ẹni pé ẹnì kan fi ayùn gé e. Èéfín ẹja lórí àwọn òrùlé páànù. Ọkọ̀ ńlá kọ́ńpìnnì tó jókòó sínú ẹnu omi wa bí àlejò tí ẹnikẹ́ni kò pè. Mo wo agogo náà. N kò fara kàn án rí láyé mi. Mo rántí pé bí mo bá ṣe ohun tí mo wá ṣe yìí, orúkọ mi yóò kúrò nínú ìlú tí mò ń torí rẹ̀ jà. Ẹ̀rù bà mí gidigidi. Mo sì gbá ahọ́n irin rẹ̀ mú, mo fi aṣọ orí mi wé e, mo fi okùn àwọ̀n dì í mọ́ igi tí wọ́n gbé agogo náà kọ́, mo ta á ní kókó tí a fi ń di àwọ̀n tí a kò fẹ́ kí ìgbì tú.

Nígbà tí mo sọ̀ kalẹ̀, bàbá mi jókòó sórí pákó níwájú ilé agogo, ó kọ ẹ̀yìn sí mi, ó ń wo òkun. Mo gba ẹ̀yìn rẹ̀ kọjá. Kò yíjú padà.

A so ọkọ̀ wa. Godspower náà wá, ó fi aṣọ gbé apá rẹ̀ kọ́ ọrùn. N kò sọ ohun tí mo ṣe fún ẹnikẹ́ni. Ọkọ̀ páìpù yọ, ó ga, ó gbòòrò, ó dúró lókèèrè díẹ̀ sí wa, ẹ́ńjìnnì rẹ̀ sì ń kùn. Àwọn ẹ̀ṣọ́ kò tú omi, wọn kò da ìgbì. Wọ́n na ẹsẹ̀ wọn sínú ọkọ̀, wọ́n ń jẹ búrẹ́dì. Wọ́n ń dúró de agogo wa.

Oòrùn gun òkè. Ara wa kò balẹ̀ mọ́. Àwọn èèyàn ń yí ọrùn sí ọ̀nà ilé agogo. "Ṣé ọ̀sán kò tíì pé ni?" "Ó ti pé." "Bàbá Jòhánù kì í pẹ́." "Ṣé kò sí nǹkan?" Ẹnì kan ní kí òun lọ wò ó wá. Ọkùnrin kan ti mú kókó okùn rẹ̀ lọ́wọ́, kò tú u, kò sì fi í sílẹ̀. Ìyá arúgbó Oríòkè-Ìwàmímọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún pé àfi bí Jòhánù bá ti kú. Godwin yọ fóònù láti wo aago, ó tún fi í pamọ́, ó sì wo ojú mi. Ó mọ̀. Bí ẹnì kan péré bá dìde báyìí, gbogbo wọn yóò dìde, agogo dún ni o, kò dún ni o.

Ìgbà náà la rí ọkọ̀ kékeré kan tó ń bọ̀ láti ìlú. Bàbá mi ló wà nínú rẹ̀, òun nìkan, ó ń tu ọkọ̀ díẹ̀díẹ̀ bí àgbàlagbà ṣe ń tù ú. Bàbá Akinolúwa dúró sí etí omi lẹ́yìn rẹ̀ pẹ̀lú ìwọ̀nba èèyàn tó kù nílé, kò sì dá a dúró. Okùn agogo, odindi rẹ̀, ló ká jọ sórí itan bàbá mi. Mo ní lọ́kàn mi pé ó ti dé láti lé mi lójú gbogbo èèyàn, mo sì pinnu pé n kò ní sunkún.

Ó tu ọkọ̀ rẹ̀ wá sí ẹ̀gbẹ́ tèmi.

"Mo fà á," ni ó wí, ohùn rẹ̀ sì dé ọ̀dọ̀ gbogbo wa. "Ọ̀sán pé, mo sì fà á bí mo ṣe búra. Mo fà á títí apá fi ro mí. Fífà nìkan ni bàbá mi ní kí n búra sí. Kò ní kí n búra pé yóò dún."

Ó gbé okùn agogo náà, ó so ọkọ̀ rẹ̀ mọ́ ọkọ̀ mi. N kò bá a ṣe é, nítorí mo rí i pé ó fẹ́ ṣe é fúnra rẹ̀. Ìgbà tó so ó tán ló wá wò mí.

"Kókó tó o ta lókè yẹn dára," ni ó rọra wí fún mi. "Mo gòkè lọ wò ó."

Ó tún gbé ojú sókè, ó wo ìlà ọkọ̀ wa láti etí kan dé èkejì, ó wo àwọn ẹ̀ṣọ́ tí búrẹ́dì dúró sí lẹ́nu. Ó ṣí fìlà. Èèyàn bíi mélòó kan fẹ́ gbéra láti dìde, nítorí bí a ṣe máa ń ṣe nìyẹn.

"Ẹ jókòó," ni bàbá mi wí. "Àdúrà ọ̀sán ti yá. Ẹ jókòó, ẹ di okùn yín mú. Níbí la ó ti gbà á."